Ọjọ́ Ìbí Ọjọ́ṣẹ́kù

Tíṣà, má tíì kọ nǹkan kan.
Gbé bírò yẹn kalẹ̀ ná.
O ní ọjọ́ wo la bí ọmọ yìí?
Ìbéèrè rẹ kò le, ìdáhùn rẹ̀ ló gùn
ju ọ̀nà tí mo gbà sọ̀ kalẹ̀ láti Ìpojú-Òkè,
lẹ́yìn àwọn òkè Ẹ̀fọ̀n, níbi tí kùrukùru
ti ń sùn títí oòrùn fi kan àtàrí.

Lọ́dọ̀ tiwa, ilẹ̀ kì í dédé mọ́.
Ìkòkò kan wà lábẹ́ àjà mi,
òkúta ọjọ́ ló kún inú rẹ̀.
Tí àkùkọ bá kọ, màá ki ọwọ́ bọ̀ ọ́,
màá mú ẹyọ kan, màá pè é lórúkọ,
ìgbà náà ni ìmọ́lẹ̀ yóò tó gun orí àpáta.
Lọ́dún tí ibà dá mi dùbúlẹ̀,
òkùnkùn wà títí ewúrẹ́ fi ń sunkún oúnjẹ.
Èébú tí mo jẹ lọ́jọ́ náà,
bí ó bá ṣeé pè ní ọjọ́!

Oṣù wa kò dọ́gba.
Ìka tí o fi di bírò mú, ṣé ó dọ́gba?
Oṣù Ìrì, ọjọ́ mọ́kànlélógójì, torí ìrì kì í kánjú.
Oṣù Olú, ọjọ́ mẹ́fà péré:
bí o bá sùn jù, ó ti kọjá lójú oorun rẹ.
Ṣùgbọ́n oṣù tí à ń pè ní Uṣu-Tán,
ibẹ̀ lọ̀rọ̀ wà.

Tọdún tó kọjá ti tán lábà, tuntun kò tíì tó wà.
Ogún ọjọ́ ni tẹ́lẹ̀, ogún ọjọ́ ìbẹ́pẹ dúdú,
ọmọ ń wo ojú ìyá, ìyá ń wo ojú ààrò.
Adéparùsì ló dìde lórí àpáta tí a ń sá láfún sí, ó ní:
“Ẹ jẹ́ ká gé e. Ta ló ń fi ebi ka oṣù?”
Wọ́n yọ òkúta mọ́kànlá kúrò nínú ìkòkò,
wọ́n kó wọn jù sínú ihò òkè, wọ́n fi ẹ̀gún dí i lẹ́nu.
Wọ́n jó. Ebi di ọjọ́ mẹ́sàn-án.

Tíṣà, ọjọ́ kì í kú.
Láti ìgbà náà, lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, láàárín òní àti ọ̀la,
ọ̀kan nínú wọn á yọ́ wọlé láìkan ìlẹ̀kùn.
Èmi kọ́ ni mo pè é.
Ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ pọ́n bí epo tó kù nísàlẹ̀ kèrègbè,
òjìji kì í sí lẹ́yìn ẹnikẹ́ni,
o lè jẹun yó kí ebi àtijọ́ ṣì máa pa ọ́.
A kì í sin gbèsè nínú rẹ̀, a kì í jà:
ọjọ́ wo la ó sọ pé ó ṣẹlẹ̀?

Nínú irú rẹ̀ ni Bọ́sẹ̀dé ọmọ mi rọbí,
òun tó bá ọ̀sẹ̀ wáyé.
Agbẹ̀bí sá.
Ọwọ́ tí mo fi ń mú ọjọ́ jáde
ni mo fi mú eléyìí jáde.
Kò ké. Ó wò mí bí ẹni tí mo pẹ́ dé bá.
Wọ́n ní ká gbé e lọ sí ẹnu ihò.
Mo ní, ẹ wá gbé e.
Kò sẹ́ni tó dìde.

Ọjọ́ mẹ́rin irú rẹ̀ ló ti wá látìgbà náà,
wọ́n ń jókòó tì í lẹ́nu ọ̀nà bí ajá.
Ó ń sọ wọ́n lórúkọ, orúkọ ọmọdé:
Ọ̀kẹ́rẹ́. Ìyá-Ẹ̀gẹ́. Bàtà-Ẹsẹ̀-Kan.
Bó bá ti pè wọ́n, òjìji wa á padà.
Ọwọ́ mi ti ń gbọ̀n nínú ìkòkò, Tíṣà.
Kọ́ ọ níwèé, kó lè kọ wọ́n sílẹ̀.

Mo rí kàlẹ́ńdà ara ògiri rẹ,
tòun ti àwòrán afárá àti orúkọ báǹkì,
àpótí kéékèèké tí wọ́n dọ́gba bí eyín àgbàdo.
Mi ò bá a jà.
Ṣùgbọ́n wo ìsàlẹ̀, lápá ọ̀tún,
lẹ́yìn ọgbọ̀n: àpótí kan ṣófo níbẹ̀.
O ní kò sí nǹkan kan nínú rẹ̀?
Kọ ọ́ síbẹ̀.